Esmeralda ní Ìjẹ̀bú: ṣẹ̀gi ni ẹgbẹ́ rẹ̀, kì í ṣe òkúta

Ẹ̀yin ará, mo kí gbogbo yín o.

Ìbéèrè tó wà nílẹ̀ kò gùn. Tọkọtaya kan ní Ìjẹ̀bú-Òde fẹ́ sọ ọmọbìnrin wọn ní Esmeralda, wọ́n sì ń wá orúkọ Yorùbá tó bá a dọ́gba, èyí tí àwọn ìyá àgbà yóò lè pè ní ọjọ́ kẹjọ láìkọsẹ̀. Àbá mẹ́ta ti jáde: Òkútaọbẹ̀dò, Iyùntútù, àti pé kí a kúkú mú Smaragdu inú Bíbélì. Nígbà tí ẹlòmíràn mẹ́nu ba Ṣẹ̀gilọlá, láti ara ṣẹ̀gi, ìlẹ̀kẹ̀ dígí aláwọ̀ aró, ẹnìkan dáhùn pé orúkọ yẹn kò ní ìlẹ̀kẹ̀ kankan nínú, pé igi ìdáná ló wà níbẹ̀.

Lójú tèmi, ohun méjì la pò pọ̀. Ọ̀tọ̀ ni ọ̀rọ̀ tí ìwé atúmọ̀ èdè ń wá fún òkúta kan, ọ̀tọ̀ ni orúkọ tí ọmọ yóò máa jẹ́. Ìwé atúmọ̀ ń wá ọ̀rọ̀ tí kò ní tọ́ka sí nǹkan méjì. Orúkọ ọmọ ń wá ohun tí yóò sọ nípa ilé tí wọ́n bí i sí. Ọ̀kan kì í ṣe iṣẹ́ èkejì.

Ẹ jẹ́ kí a wo Esmeralda fúnra rẹ̀ ná. Ọ̀rọ̀ Sípéènì ni, orúkọ òkúta aláwọ̀ ewé tí Gẹ̀ẹ́sì ń pè ní emerald. Smaragdos ni Gíríìkì àtijọ́ ń pè é, wọn kò sì fi ọ̀rọ̀ náà mọ sórí òkúta kan ṣoṣo. Oríṣiríṣi òkúta aláwọ̀ ewé ló ń jẹ́ bẹ́ẹ̀ lẹ́nu wọn. Látìnì gbà á ní smaragdus. Faransé àtijọ́ sọ ọ́ di esmeraude, Sípéènì sọ ọ́ di esmeralda. Zumurrud ti Lárúbáwá àti zümrüt ti Túkì jẹ́ ẹbí kan náà, àwọn ará Túkì sì ń sọ ọmọbìnrin wọn ní Zümrüt títí di òní. Nítorí náà, ẹni tó kọ ọ́ pé orúkọ òyìnbó lásán ni kò wò ó délẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà ti gba ẹnu ọ̀pọ̀lọpọ̀ èdè kọjá, ẹnu kọ̀ọ̀kan sì tún un ṣe bí ahọ́n tirẹ̀ ṣe lọ. Ẹ̀tọ́ kan náà ni àwa náà ní.

Òkúta náà, ọ̀kan nínú ìdílé berili ni. Berili tí nǹkan mìíràn kò wọ inú rẹ̀ kì í ní àwọ̀ rárá. Bí kúrómíọ́mù tàbí fànádíọ́mù díẹ̀ bá wọ̀ ọ́, yóò di aláwọ̀ ewé, òun ni emerald. Bí ó bá ṣe irin ló wọ̀ ọ́, yóò dà bí omi òkun, òun ni aquamarine. Àwọn méjèèjì wà ní Nàìjíríà, ní apá òkè lọ́hùn-ún: Kàdúná, Násáráwá, Plateau. Emerald le, 7.5 sí 8 lórí òṣùwọ̀n tí dáyámọ́ńdì ti gba 10. Ṣùgbọ́n ó máa ń ní ìlà àti sísán wẹ́wẹ́ nínú, tí àwọn tó ń tà á ń fi òróró dí. Ẹni tó bá fi omi gbígbóná fọ òrùka emerald, òróró yẹn lè jáde, kí gbogbo sísán náà sì yọjú. Ìdí tí mo fi sọ èyí ni pé ẹnìkan ní kí a fi ‘mímọ́ gaara’ ṣe ìtumọ̀ orúkọ náà. Emerald tó mọ́ gaara ṣọ̀wọ́n gan-an. Àwọn Faransé tilẹ̀ ń pe àwọn ìlà inú rẹ̀ ní ọgbà. Àwọ̀ rẹ̀ ló sọ ọ́ di ohun iyì, kì í ṣe mímọ́ rẹ̀.

Ẹni tó gbé orúkọ yìí káàkiri ayé ju ẹlòmíràn lọ ni Victor Hugo, nínú ìtàn tó kọ ní 1831 nípa ṣọ́ọ̀ṣì Notre-Dame ní Párísì. Wọ́n bi ọmọbìnrin oníjó inú ìtàn náà léèrè ìdí tó fi ń jẹ́ bẹ́ẹ̀. Ó fa àpò kékeré kan yọ ní àyà rẹ̀, ṣílíkì aláwọ̀ ewé ni wọ́n fi bò ó, dígí aláwọ̀ ewé kan sì wà láàárín rẹ̀ tí wọ́n ṣe bí emerald. Ó ní bóyá nítorí èyí ni. Dígí ni o, kì í ṣe òkúta. Ẹ bá mi fi ìyẹn pamọ́, n óò padà sí i.

Wọ́n tún ní orúkọ yìí ti wọ Ìjẹ̀bú láti bí 500 ọdún, nítorí ìwé Duarte Pacheco Pereira, ará Potogí. Òótọ́ wà nínú rẹ̀, ṣùgbọ́n kò tó ohun tí wọ́n fẹ́ kó jẹ́. Ní 1505 ni ọkùnrin náà bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ìwé tó pè ní Esmeraldo de Situ Orbis. Ibẹ̀ ló ti sọ nípa ìlú ńlá kan tí yàrà ńlá yí ká, ó kọ orúkọ ìlú náà ní Geebuu, ó sì kọ orúkọ ọba rẹ̀ ní Agusale. Ọmọ Ìjẹ̀bú wo ni kò ní mọ Awùjalẹ̀ nínú ìyẹn, tàbí tí kò ní rántí Ẹrẹ́dò Sùngbọ́? Ó kọ ọ́ síbẹ̀ pé ẹ̀gbà idẹ 12 sí 15 ni wọ́n fi ń ra ẹrú kan. Ṣùgbọ́n àfọwọ́kọ ni ìwé náà wà fún nǹkan bí ọ̀rúndún mẹ́rin. Ọdún 1892 ni wọ́n tó tẹ̀ ẹ́ jáde, ọdún kan náà tí Gẹ̀ẹ́sì gbógun ti Ìjẹ̀bú ní Ìmàgbọ̀n. Kò sí ìyá Ìjẹ̀bú tó lè ti inú rẹ̀ mú orúkọ sọ ọmọ. Àkọlé náà gan-an, àwọn onímọ̀ kò tí ì fẹnu kò lórí rẹ̀: àwọn kan ní òkúta náà ni, àwọn kan ní ó so Emmanuel, orúkọ ọba rẹ̀, pọ̀ mọ́ Eduardus, orúkọ tirẹ̀. Ó dùn mọ́ni pé ìwé tó kọ Ìjẹ̀bú sílẹ̀ tipẹ́tipẹ́ ní ọ̀rọ̀ yìí lórí, ṣùgbọ́n kò sọ orúkọ náà di ti Ìjẹ̀bú.

Ó ku àwọn àbá mẹ́ta náà.

Òkútaọbẹ̀dò kò lè ṣe orúkọ ọmọ. Ẹ pè é kíkan láti ẹ̀yìnkùlé, ẹ óò gbọ́ ọ. ‘Òkú’ ni ó kọ́kọ́ jáde lẹ́nu, kò sì sí ìyá tó fẹ́ kí ìyẹn ṣáájú orúkọ ọmọ òun. Orúkọ Yorùbá kì í sì í dúró lódindi lẹ́nu ènìyàn: Adébáyọ̀ di Adé tàbí Báyọ̀. Ẹ mú apá iwájú Òkútaọbẹ̀dò, òkúta lásán ni. Ẹ mú apá ẹ̀yìn rẹ̀, ọbẹ̀dò ni, ìyẹn nǹkan aláwọ̀ ewé tó ń yọ̀, tó ń bo ojú omi adágún. A lè fi ọbẹ̀dò sọ àwọ̀ nínú ìwé ẹ̀kọ́, kò sí ohun tó burú ńbẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tó ti yọ̀ ṣubú létí odò mọ ohun tí ọbẹ̀dò ń ṣe, ẹnìkan kò sì ní gbọ́ orúkọ náà kó rántí ọlá. Bí a bá tún yọ àmì kúrò, ẹnu lè yà á sí ọbẹ̀ ẹ̀dọ̀.

Iyùntútù sàn díẹ̀, nítorí iyùn wà nínú rẹ̀. Àléébù rẹ̀ méjì ni. Èkíní, iyùn pupa. Pípupa rẹ̀ ni a mọ̀ ọ́n sí, tó bẹ́ẹ̀ tí a fi ń fi iyùn ṣe àpèjúwe ohun tó pọ́n. Iyùn aláwọ̀ ewé ń ta ko ara rẹ̀. Èkejì, ‘tútù’ kì í ṣe àwọ̀. Ẹ wo ewé tútù, ẹja tútù, ẹran tútù, omi tútù: ipò tí nǹkan wà ló ń sọ, pé kò gbẹ, pé a kò sè é, pé kò gbóná. Ewé tútù jẹ́ aláwọ̀ ewé nítorí pé ewé ni, kì í ṣe ‘tútù’ ló fún un ní àwọ̀. Iyùn tútù yóò dà bí iyùn tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ yọ nínú omi.

Ẹ̀gbọ́n kan rán wa létí òtútù nínú òtútù-ọ̀pọ̀n, ìlẹ̀kẹ̀ tí àwọn babaláwo ń so mọ́ ọwọ́ òsì, tí òtútù jẹ́ ewé, tí ọ̀pọ̀n sì pọ́n ràkọ̀ràkọ̀. Nínú gbogbo ohun tí a ti sọ, èyí nìkan ni ó jẹ́ orúkọ ìlẹ̀kẹ̀ aláwọ̀ ewé gan-an ní èdè wa, mo sì dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn. Ó yẹ kí ó wọ ìwé atúmọ̀ pẹ̀lú ìtumọ̀ yẹn. Ṣùgbọ́n ẹ fi sórúkọ: Òtútùlọlá. Ẹni mẹ́wàá bá gbọ́ ọ, mẹ́sàn-án yóò ní òtútù ń mú ọmọ náà. Ìlẹ̀kẹ̀ iṣẹ́ Ifá sì ni. Ilé tí kì í ṣe ilé awo kò ní ìdí láti fi sọ ọmọ, ilé tó jẹ́ ilé awo sì ti ní orúkọ Ifá tó pọ̀ rẹpẹtẹ.

Smaragdu wà nínú Bíbélì Yorùbá lóòótọ́. Ìfihàn 4:3 fi òṣùmàrè tó yí ìtẹ́ ká wé e. Àwọn tó túmọ̀ Bíbélì, tí odindi rẹ̀ jáde ní 1884, kò fi ìlẹ̀kẹ̀ kankan rọ́pò àwọn òkúta wọ̀nyẹn. Wọ́n fi jasperi, berili, topasi àti àwọn yòókù sílẹ̀ bí wọ́n ti gbọ́ wọn, mo sì rò pé wọ́n ṣe dáadáa, nítorí ìtumọ̀ tó pé ni wọ́n ń lé. Ahọ́n wa ni kò gbà á. Yorùbá kì í fi s lé m tàbí g lé d láìsí fáwẹ̀lì láàárín. Bí a bá fi fáwẹ̀lì há a, yóò di sìmárágídù, sílébù márùn-ún tí kò ní ìtumọ̀ létí ìyá àgbà.

Ohun tí gbogbo àbá yìí fò dá ni èyí: kí ni a fi ń sọ ọmọ lórúkọ nínú àwọn ohun ẹ̀ṣọ́? Iyùn: Iyùnadé. Wúrà: Wúràọlá. Ṣẹ̀gi: Ṣẹ̀gilọlá. Ẹ yẹ̀ wọ́n wò lọ́kọ̀ọ̀kan. Iyùn kì í ṣe òkúta. Egungun ẹ̀dá inú òkun ni, láti òkun Mẹditaréníà ni ojúlówó rẹ̀ ti ń wá. Bí ọsàn wẹ́wẹ́ bá kán sí i lára, yóò hó, ojú rẹ̀ yóò sì bàjẹ́. (Àwọn kan ń fi ìyẹn dán iyùn wò. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ṣe é sí iyùn ìdílé.) Wúrà, irin olówó iyebíye ni. Ṣẹ̀gi, dígí ni. Èyí tó jẹ́ òkúta gan-an nínú ìlẹ̀kẹ̀ wa ni lántànà, òkúta pupa tí wọ́n ń gbẹ́, tí wọ́n ń lu, tí wọ́n sì ń dán ní Ìlọrin nígbà kan rí. Òun gan-an ni kò rọ́wọ́ mú nínú orúkọ bí iyùn ti rọ́wọ́ mú. Nítorí náà, ‘òkúta iyebíye’ kì í ṣe àgbọ̀n tí Yorùbá kó àwọn nǹkan wọ̀nyí sí. Ọrùn ni àgbọ̀n náà. Ta ló ń lò ó, ní ọjọ́ wo, níwájú ta ni? Ẹ wo ọrùn àwọn rẹ́gbẹ́rẹ́gbẹ́ ní Ojúde Ọba, ní ọjọ́ kẹta Iléyá: kò sí ẹni tó ń béèrè bóyá òkúta ni tàbí ohun inú òkun. Wọ́n ń wo bí ejìgbà náà ti gùn tó, àti ẹni tó so ó mọ́rùn.

Ìdí nìyẹn tí mo fi ní ṣẹ̀gi ni ẹgbẹ́ Esmeralda. Ilé-Ifẹ̀ ni wọ́n ti ń ṣe ìlẹ̀kẹ̀ dígí yìí, ní agbègbè Igbó Olókun, láàárín ọ̀rúndún 11 sí 15. Àwọn awalẹ̀pìtàn ti hú ìkòkò tí wọ́n fi ń yọ́ dígí níbẹ̀, pẹ̀lú dígí tó ṣẹ́kù lára wọn. Ṣẹ̀gi àtijọ́ sì ní ìwà kan. Ẹ mú ẹyọ kan, ọ̀pá kékeré tó ní ihò lójú méjèèjì, ẹ tẹ́ ẹ sórí aṣọ funfun: aró ni ẹ óò rí, àwọn àgbà yóò tilẹ̀ ní dúdú ni. Ẹ wá gbé e sókè kí oòrùn gba inú rẹ̀ wá sójú yín: ó ti di aláwọ̀ ewé. Ìlẹ̀kẹ̀ kan náà ni, bí ìmọ́lẹ̀ ṣe bá a ló yí àwọ̀ rẹ̀ padà. Ọ̀pọ̀ ìlẹ̀kẹ̀ aró tí wọ́n ń kó wọlé láti Yúróòpù kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Aró ni lórí aṣọ, aró ni nínú oòrùn. Ti rọ́bà fúyẹ́ lọ́wọ́, ìlà ibi tí wọ́n ti lẹ̀ ẹ́ pọ̀ sábà máa ń hàn lẹ́gbẹ̀ẹ́ ihò rẹ̀.

Ẹ wá padà sọ́dọ̀ ọmọbìnrin Hugo pẹ̀lú dígí ewé rẹ̀ lọ́rùn. Ohun tó so ọmọ náà pọ̀ mọ́ orúkọ rẹ̀ ni dígí tó ń tàn bí ewé, tí wọ́n so mọ́ ọn lọ́rùn. Ṣẹ̀gi gan-an nìyẹn. Kò sí òkúta inú ilẹ̀ tó sún mọ́ ọn tó bẹ́ẹ̀.

Nípa igi ìdáná: ẹni tó ní ‘ẹni tó bá ṣẹ́gi ló ń lọ́lá’ ni ìtumọ̀ Ṣẹ̀gilọlá gbọ́ ohùn òkè níbi tí ohùn ìsàlẹ̀ wà. Ṣẹ̀gi, ìsàlẹ̀ àti àárín, ni ìlẹ̀kẹ̀. Ṣẹ́gi, òkè àti àárín, ni ṣẹ́ igi. Bí a bá tilẹ̀ gbàgbé ohùn, gírámà kò gbà á. Orúkọ náà ní ìpìlẹ̀ jẹ́ ‘ṣẹ̀gi ni ọlá’; n di l níwájú ọ, ó di lọlá. Ohun tó bá ṣáájú ‘ni’ bẹ́ẹ̀ gbọ́dọ̀ jẹ́ ọ̀rọ̀ orúkọ. Ọ̀rọ̀ ìṣe kì í dúró síbẹ̀ láìkọ́kọ́ di ọ̀rọ̀ orúkọ: a kì í ní ‘jẹ ni ó jẹ ẹ́’, ‘jíjẹ ni ó jẹ ẹ́’ là ń wí. Bí ó bá ṣe igi ìdáná ni, Ìṣẹ́gilọlá ni ọmọ náà ìbá máa jẹ́. Mo rò pé Olúṣẹ́gun tí a ń gé sí Ṣẹ́gun ló ń ṣi àwọn ènìyàn lọ́nà; etí wọn ti mọ́ Ṣẹ́g- lára jù.

Bí tọkọtaya náà bá ní Ṣẹ̀gilọlá ti wọ́pọ̀, a lè hun òmíràn, ṣùgbọ́n ẹ ṣọ́ fáwẹ̀lì ìkẹyìn ṣẹ̀gi. Iyùn ní ohùn imú nípàárí, kì í tètè jẹ́ kí fáwẹ̀lì mìíràn gbé e mì, ìdí nìyẹn tí Iyùnadé fi dúró. I tó wà lẹ́yìn ṣẹ̀gi kò lágbára bẹ́ẹ̀: bí ẹ bá so ó mọ́ adé ní tààrà, ẹnu yóò sọ ọ́ di Ṣẹ̀gadé, ìlẹ̀kẹ̀ náà yóò sì sọ nù. Ẹ fi ‘ni’ sí i láàárín, Ṣẹ̀giladé, l yóò dáàbò bo i náà. Ilé ọba lè gbé adé ṣáájú: Adéṣẹ̀gi. Ṣẹ̀gibọ́lá náà dára, ṣẹ̀gi bá ọlá, bí Adébọ́lá. Èyí tí n kò ní gbà ni Ṣẹ̀gitàn tí ẹnìkan fẹ́ fi sọ pé ṣẹ̀gi ń tàn. Ìwé ìrìnnà kì í kọ àmì ohùn. Segitan ni wọn yóò kọ, ẹni tó bá kà á lè ní ‘ṣẹ̀gi tán’, ìlẹ̀kẹ̀ ti tán nílé yìí. Àwọn ilé tí orúkọ wọn ń fi Ọ̀nà tàbí Ṣó bẹ̀rẹ̀, láti Ṣàgámù dé Ìjẹ̀bú-Igbó, mọ bí wọ́n ṣe máa ń fi ìpìlẹ̀ ilé wọn ṣáájú. Ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ, n kò ní hun ti wọn fún wọn.

Fún ìdílé Mùsùlùmí tó bá ń ka èyí: zumurrud kò sí nínú Àlùkùránì, ṣùgbọ́n lúlú, yàqútù àti màrìjánì wà nínú Súrà Ar-Rahmán, 55:22 àti 55:58. Màrìjánì ni iyùn, gẹ́gẹ́ bí ọ̀pọ̀ ṣe túmọ̀ rẹ̀. Ọmọ tó ń jẹ́ Marjaanah lè máa jẹ́ Iyùnadé láìyí ìtumọ̀ padà.

Ní ti ìwé atúmọ̀, àbá tèmi ni pé kí a kọ ‘ẹ́máràdì’, kí a sì túmọ̀ rẹ̀ sí ‘berili aláwọ̀ ewé’, kí smaragdu dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ bí ọ̀rọ̀ inú Bíbélì. Kí òtútù ní ààyè tirẹ̀: ìlẹ̀kẹ̀ aláwọ̀ ewé ti babaláwo.

Fún ọmọ náà, Esmeralda Ṣẹ̀gilọlá. Tí wọ́n bá ń lọ tẹ káàdì ìsọmọlórúkọ, kí wọ́n kọ orúkọ náà sórí ìwé fún onítẹ̀wé, kí wọ́n má kàn pè é fún un: àmì wà lábẹ́ Ṣ, òmíràn wà lábẹ́ ẹ àkọ́kọ́ pẹ̀lú ìsàlẹ̀ lórí rẹ̀, i kò ní àmì ohùn, àmì kan ṣoṣo wà lábẹ́ ọ, òkè sì wà lórí á. Kí wọ́n ní kó tẹ ẹyọ kan jáde, kí wọ́n kà á sókè níbẹ̀, kó tó tẹ ìyókù.